Ìwé kíkà kò dùn mọ́ mi nínú mọ́: ẹ wá sọ ìrírí tiyín

Oníláàbù

Ẹ̀yin ará, ọ̀rọ̀ yìí ti pẹ́ lọ́kàn mi, mo sì fẹ́ ká jọ sọ ọ́ láìfi nǹkan kan bò. PhD ni mo ń ṣe nínú ìmọ̀ ohun abẹ̀mí. Kò sẹ́ni tó fi tipátipá mú mi débẹ̀. Láti kékeré ni mo ti ń fẹ́ mọ ìdí nǹkan. Nígbà tí mo wá gbọ́ pé sẹ́ẹ̀lì ara wa ní ètò tó fi ń pa ara rẹ̀ tí nǹkan inú rẹ̀ bá ti bàjẹ́ kọjá àtúnṣe, àti pé jẹjẹrẹ lè wáyé nígbà tí irú sẹ́ẹ̀lì bẹ́ẹ̀ bá kọ̀ tí kò kú, mo mọ̀ pé mo ti rí iṣẹ́ tí n ó ṣe láyé. Lójú mi nígbà náà, yunifásítì ni ilé tí wọ́n ti ń wá ìdáhùn sí irú ìbéèrè bẹ́ẹ̀ tọ̀sán tòru.

Mo débẹ̀ tán, ìbéèrè mìíràn ni mo bá lẹ́nu wọn. Pépà mélòó lo ti ní? Jọ́nà wo ló gbà á? Èèyàn mélòó ló tọ́ka sí i? Pépà ni àbọ̀ ìwádìí téèyàn kọ, jọ́nà ni ìwé àtìgbàdégbà àwọn onímọ̀ tó ń tẹ̀ ẹ́ jáde. Kódà nídìí oúnjẹ ọ̀sán, òun ni wọ́n ń sọ. Òǹkà kan wà tí wọ́n ń pè ní h-index, onímọ̀ físíìsì kan tó ń jẹ́ Jorge Hirsch ló gbé e jáde ní 2005: tó o bá ní pépà mẹ́wàá tí àwọn ẹlòmíràn ti tọ́ka sí ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn nígbà mẹ́wàá ó kéré tán, mẹ́wàá ni tìrẹ. Òǹkà lásán ni, kò sì burú fúnra rẹ̀. Ṣùgbọ́n wọ́n ń wò ó kí wọ́n tó gbani síṣẹ́, wọ́n ń wò ó kí wọ́n tó pín owó ìwádìí, bẹ́ẹ̀ ohun tí wọ́n bá fi ń wọn oúnjẹ fúnni lèèyàn máa ń lé. Charles Goodhart, onímọ̀ ọrọ̀-ajé, ti sọ irú rẹ̀ nípa ètò owó ní 1975, pé ìṣirò tá a bá ti gbára lé láti fi darí nǹkan kì í pẹ́ yẹ̀ lórí ìpìlẹ̀ rẹ̀. Mo rí i kòrókòró. Iṣẹ́ kan ṣoṣo ni wọ́n máa ń gé sí wẹ́wẹ́ kó lè di pépà mẹ́rin.

Èyí tó fọ́ mi lọ́kàn gan-an wá lẹ́yìn ìyẹn. Iṣẹ́ tí wọ́n gbé lé mi lọ́wọ́ dúró lórí pépà kan tí gbogbo ẹ̀ka wa mọ̀. Pépà náà ní tí a bá pa purotéènì kan lẹ́nu mọ́ nínú sẹ́ẹ̀lì jẹjẹrẹ, sẹ́ẹ̀lì náà kò ní lè rìn mọ́. Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé bí a ṣe ń yẹ̀ ẹ́ wò, torí ibẹ̀ ni mo fẹ́ràn jù nínú iṣẹ́ náà. A ó tọ́ sẹ́ẹ̀lì dàgbà nínú àwo pẹrẹsẹ títí wọn yóò fi bo ìsàlẹ̀ rẹ̀ pátápátá. A ó wá fi ẹnu páìpẹ́ẹ̀tì, ohun èlò tá a fi ń fa omi díẹ̀díẹ̀, ha ìlà gbọọrọ kan láàárín wọn, bí ìgbà téèyàn fi èékánná ha ara. A ó fọ àwọn tó ti ṣí dànù, a ó ya fọ́tò, a ó dá àwo padà sínú àpótí tí ooru rẹ̀ kì í kúrò ní 37°C. Tó bá di lẹ́yìn wákàtí díẹ̀, tó o bá tún gbé e sábẹ́ maikirosíkóòpù, wàá rí i pé àwọn tó wà létí ìlà ti bẹ̀rẹ̀ sí í na awọ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ kan síwájú. Awọ náà á lẹ̀ mọ́lẹ̀, á fà, ara sẹ́ẹ̀lì tó kù á sì wọ́ tẹ̀ lé e. Bó o bá to àwọn fọ́tò náà tẹ̀ léra, etí méjèèjì á máa rìn bọ̀ wá pàdé ara wọn títí ìlà náà á fi dí.

Sẹ́ẹ̀lì tèmi yẹ kó dúró lójú kan. Kò dúró. Ó rìn wọ́ọ́rọ́wọ́, ó dí ìlà náà bí èyí tí a kò fọwọ́ kàn rárá. Mo tún un ṣe. Mo ra èròjà tuntun, mo pààrọ̀ sẹ́ẹ̀lì, mo ní kí akẹgbẹ́ mi kan bá mi ṣe é láìsọ fún un èyí tó jẹ́ èwo. Bákan náà ni. Mo gbé e tọ súpáfáísọ̀ mi lọ, ó ní ọwọ́ mi ni kò tíì mọ iṣẹ́. Nígbà tí mo kó gbogbo fọ́tò náà síwájú rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan sí i, ó dákẹ́ fúngbà díẹ̀, ó ní, "Kò sí jọ́nà tó máa gbà pé nǹkan kò ṣẹlẹ̀. Kó wọn sínú dúrọ́ọ̀, ká wá nǹkan mìíràn ṣe." Mi ò pè é lẹ́ni burúkú o. Owó ìwádìí rẹ̀ ti fẹ́ tán, àwa tó ń jẹun lábẹ́ owó náà pọ̀, pépà ló sì máa mú òmíràn wá. Ohun tó dùn mí ni pé ó mọ̀ pé òótọ́ ni mo sọ, òótọ́ náà kò sì níye lórí níbẹ̀.

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í ka ohun tí kò sí nínú iṣẹ́ mi. Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe kan àpilẹ̀kọ kan tó jáde ní 2012, níbi tí Glenn Begley àti Lee Ellis ti ròyìn pé ilé iṣẹ́ oògùn kan gbìyànjú láti tún iṣẹ́ pàtàkì 53 lórí jẹjẹrẹ ṣe, 6 péré ló sì jáde bí àwọn tó kọ wọ́n ṣe wí. Ní 2021, iṣẹ́ ńlá mìíràn parí: wọ́n fẹ́ tún àyẹ̀wò 193 ṣe láti inú pépà 53, 50 ni agbára wọn ká. Ibi tí mo ti pa ìwé dé ni ibi tí wọ́n ti sọ pé nínú 193 náà, kò sí ọ̀kan ṣoṣo tí pépà rẹ̀ ṣàlàyé tó kí ẹlòmíràn lè múra rẹ̀ sílẹ̀ láìkọ̀wé béèrè lọ́wọ́ ẹni tó kọ́kọ́ ṣe é. Kì í ṣe ọwọ́ mi nígbà náà. Ara tù mí, kò sì pẹ́ tí òfìfo ńlá kan fi wọlé dípò rẹ̀: tí kì í bá ṣe ọwọ́ mi, kí wá ni gbogbo wa ń ṣe níbí?

Mo fẹ́ kí ẹni tó bá wà nínú irú rẹ̀ gbọ́ èyí dáadáa. Kì í ṣe ọ̀lẹ. Mò ń jí, mò ń lọ síṣẹ́, mò ń rẹ́rìn-ín nípàdé. Ṣùgbọ́n tí mo bá jókòó láti kọ̀wé, gbólóhùn kan lè gbà mí ní gbogbo òwúrọ̀, torí mi ò rí ẹni tí mo ń kọ ọ́ fún. Mo rò pé èmi nìkan ni. Ìwádìí kan tó jáde nínú Nature Biotechnology ní 2018 bi akẹ́kọ̀ọ́ 2,279 léèrè ọ̀rọ̀ ní orílẹ̀-èdè 26, èyí tó pọ̀ jù nínú wọn ń ṣe PhD. 39 nínú ọgọ́rùn-ún ló ní ìrẹ̀wẹ̀sì ọkàn tó kọjá kékeré, nígbà tó jẹ́ 6 nínú ọgọ́rùn-ún ni láàárín àwọn ará ìlú yòókù. Lóòótọ́, àwọn tó wù láti dáhùn ló dáhùn, ẹni tí ọ̀rọ̀ dùn ló sì máa ń tètè lanu. Síbẹ̀, a pọ̀ gan-an nídìí ọ̀rọ̀ yìí.

Ẹnì kan láti ẹ̀ka ìmọ̀ àwùjọ ló fi ọ̀rọ̀ kan hàn mí tí Max Weber, onímọ̀ àwùjọ ará Jámánì, bá àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sọ ní Munich, ní Jámánì, ní oṣù kọkànlá ọdún 1917, tí ogun àgbáyé kìíní ṣì ń jà. Mo rò pé ìyànjú ni yóò gbà wọ́n. Ó sọ fún wọn pé oríire kó ipa ńlá nínú ẹni tó ń di ọ̀jọ̀gbọ́n. Ó ní ohunkóhun tí onísáyẹ́ǹsì bá ṣe, tó bá fi máa di ọdún mẹ́wàá, ogún, àádọ́ta, ó ti di ohun àtijọ́, bó sì ṣe yẹ kó rí nìyẹn. Ó wá mú ìbéèrè Tolstoy, òǹkọ̀wé ará Rọ́ṣíà, wá, pé kí ni ká ṣe, báwo ni ká ṣe gbé ilé ayé, ó sì ní sáyẹ́ǹsì kò ní ìdáhùn sí i. Ó lè yà yín lẹ́nu pé ọ̀rọ̀ tó gbẹ báyìí ló kọ́kọ́ gbé mi dìde. Mo ti ń retí kí láàbù, yàrá ìwádìí wa, sọ ìdí tí mo fi wà láyé fún mi. Iṣẹ́ rẹ̀ kọ́ nìyẹn. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó sọ fún mi bóyá sẹ́ẹ̀lì rìn tàbí kò rìn. Ó sì ti sọ ọ́. Ó ku ohun tí èmi máa fi òótọ́ náà ṣe.

Mo kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀: ohun tí mo ṣe, bí mo ṣe ṣe é, orúkọ èròjà kọ̀ọ̀kan, fọ́tò láìyọ ọ̀kan sílẹ̀. Mo gbé e sórí bioRxiv, ojúlé íntánẹ́ẹ̀tì tó ti wà láti 2013, tí àwọn onímọ̀ ohun abẹ̀mí ń gbé iṣẹ́ wọn sí kí jọ́nà tó gbà á. Súpáfáísọ̀ mi kò fi bẹ́ẹ̀ fẹ́, àmọ́ ó fọwọ́ sí i, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ títí dòní. Ó pẹ́ díẹ̀ kí ímeèlì kan tó wọlé láti ọ̀dọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ tí mi ò mọ̀ rí. Ó ní pépà kan náà ni iṣẹ́ òun dúró lé, sẹ́ẹ̀lì òun náà kọ̀ kò dúró, òun sì ti ń ronú àtikúrò torí òun gbà pé òun kò ní ọwọ́ fún sáyẹ́ǹsì. Ó fi fọ́tò tirẹ̀ ránṣẹ́. Mo gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ tèmi. Ìlà méjèèjì ti dí.

Láti ìgbà yẹn ni ẹsẹ̀ mi ti tún ń yá sí láàbù. Mi ò sọ pé gbogbo nǹkan ti dáa. Mi ò tilẹ̀ mọ̀ bóyá n ó dúró ní yunifásítì lẹ́yìn tí mo bá gboyè. Tiyín ńkọ́? Ẹ jọ̀ọ́, ohun tó ṣẹlẹ̀ sí ẹ̀yin fúnra yín ni kẹ́ ẹ sọ.

Akẹ́kọ̀ọ́ Tẹ́lẹ̀rí

Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú ìfaradà. Èmi ti kúrò ní tèmi. Ìṣirò ni mo ń ṣe, ẹ̀ka kan nínú rẹ̀ tó jẹ́ pé àwọn tó lè ka tíísìsì mi láyé yìí lè jókòó yí tábìlì kan ká. Kò sẹ́ni tó ṣẹ̀ mí, kò sí irọ́ nínú pépà ẹnikẹ́ni. Mo kàn wá rí i pé ìbéèrè tí mò ń dáhùn kì í ṣe ìbéèrè mi. Súpáfáísọ̀ mi ló fún mi, súpáfáísọ̀ tirẹ̀ ló fún òun náà. Mo lè fi gbogbo ayé mi dáhùn rẹ̀ láìsí pé mo bi ara mi lẹ́ẹ̀kan bóyá mo fẹ́ mọ̀.

Kíkúrò kò le tó ojú táwọn èèyàn fi wò mí. Àwọn ará ilé ti ń pè mí ní Dókítà kí n tó gbà á. Nígbà tí mo dé, wọn ò mọ ohun tí wọn yóò máa pè mí mọ́, wọ́n wá ń fi ohùn pẹ̀lẹ́ bá mi sọ̀rọ̀ bí ẹni tí òkú kú fún. Ìyẹn ló fẹ́rẹ̀ẹ́ lé mi padà.

Ilé ẹ̀kọ́ girama ni mo ti ń kọ́ni báyìí. Ọmọ kan bi mí ìdí tí −1 lọ́nà −2 fi ń jẹ́ 2. Ó ní gbèsè lórí gbèsè kì í sọni dolówó. Mo ní kó kọ 3 lọ́nà −2, ó kọ −6. Mo ní 2 lọ́nà −2, ó kọ −4. 1 lọ́nà −2, ó kọ −2. 0 lọ́nà −2, ó kọ 0. Mo bi í pé kí ni ìdáhùn náà ń ṣe bó ṣe ń sọ̀ kalẹ̀. Ó wò ó, ó ní méjì-méjì ló ń fi lé sí i. Mo ní ó dáa, máa lọ. Ó kọ −1 lọ́nà −2, ó tún wo ìlà tó ṣáájú, ọwọ́ rẹ̀ dúró, lẹ́yìn náà ó kọ 2. Ó ní, "Ẹ̀yin tíṣà, ṣé kò sí ibòmíràn tó lè gbà ni?" Mo ní kò sí. Nínú gbogbo àpérò onímọ̀ tí mo lọ, mi ò rí ẹni tí ojú rẹ̀ là bẹ́ẹ̀ yẹn rí.

Àmọ́ ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀gbọ́n mi, mo ní iyèméjì kan sí ọ̀rọ̀ yín. Tí ímeèlì yẹn kò bá wọlé ńkọ́? Ọ̀pọ̀ nínú wa ló ṣe iṣẹ́ tó dáa, tó jẹ́ òótọ́, tí ẹnikẹ́ni kò kọ̀wé dúpẹ́ lé lórí. Ẹ rántí Peter Higgs, onímọ̀ físíìsì tó sọ pé ẹ̀rún kékeré kan wà tí ẹnikẹ́ni kò tíì rí. Ní 1964 ló kọ pépà tó sọ ọ́ di olókìkí, ní 2013 ló gba ẹ̀bùn Nobel, ọdún yẹn gan-an ló sì sọ fún àwọn oníròyìn pé tó bá jẹ́ ayé òde òní ni, òun kò ní rí iṣẹ́ yunifásítì, torí wọn kò ní ka òun sí ẹni tí pépà rẹ̀ pọ̀ tó. Nǹkan bí ọdún méjìdínláàádọ́ta ló kọjá láàárín pépà náà àti ìgbà tí ẹ̀rọ tó fìdí rẹ̀ múlẹ̀ fi rí ohun tó sọ, ní 2012. Ta ló lè dúró tó bẹ́ẹ̀?

Obìnrin Inú Àkọsílẹ̀

Ẹ jẹ́ kí n dá sí i. Ìmọ̀ ìtàn ni tèmi, ẹnu kan ni mo sì fẹ́ fi sọ ohun tó ń bí mi nínú: ẹ má fi ìtàn àwọn tó jàjà ṣẹ́gun tù wá nínú mọ́. Gbogbo ìgbà tí mo bá ní ó ti sú mi, ẹnì kan á mú Katalin Karikó, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì kan, wá. Wọ́n já a sípò ìsàlẹ̀ ní 1995 torí kò rówó gbà fún iṣẹ́ rẹ̀ lórí mRNA, èròjà tó ń sọ fún sẹ́ẹ̀lì irú purotéènì tó máa ṣe, ó sì gba Nobel pẹ̀lú Drew Weissman ní 2023. Mo bọ̀wọ̀ fún obìnrin náà tọkàntọkàn. Ṣùgbọ́n àwọn tí wọ́n já sílẹ̀ bíi tirẹ̀, tí iṣẹ́ wọn kú sínú dúrọ́ọ̀, kò sẹ́ni tó lè dárúkọ wọn fún wa. Kò tọ́ ká sọ fún ọ̀dọ́mọdé pé kó fara da ìyà torí pé ẹnì kan jèrè rẹ̀.

Ohun tó dá mi dúró kéré gan-an. Ìwé àkọsílẹ̀ ẹjọ́ ìgbà láéláé ni mo ń kà, ọ̀rọ̀ gbèsè àti ààlà ilẹ̀ ló kún inú rẹ̀. Mo kan obìnrin kan tí wọ́n pè wá jẹ́rìí. Kò mọ̀wé kọ, ó fa àmì síbi tó yẹ kó fọwọ́ sí, ìlà kejì àmì náà sì tẹ̀ wọ inú bébà ju ti àkọ́kọ́ lọ, tádàá pọ̀ níbẹ̀. Mo wá a nínú gbogbo àkọsílẹ̀ mìíràn tọ́wọ́ mi tẹ̀, mi ò rí i. Gbogbo ohun tó kù nípa rẹ̀ láyé ni gbólóhùn mẹ́rin tó sọ lọ́jọ́ yẹn, ó sì sọ wọ́n láìbẹ̀rù, lójú ẹni tó ni ilẹ̀. Mo ti fi í sínú orí kejì tíísìsì mi. Olùyẹ̀wò kan ní kí n yọ ọ́ torí kò kún ọ̀rọ̀ mi. Mi ò yọ ọ́.

Ọdún Kìíní

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n mi. Èmi ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ni, mo sì ti ń rò ó bóyá kí n kúrò. Máàkì mi dáa. Ìyẹn gan-an ló ń dẹ́rù bà mí, torí láti ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni wọ́n ti ń yìn mí, mo sì ń lọ síbi tí ìyìn bá wà. Ní báyìí tí kò sí ìdánwò mọ́, tó jẹ́ pé èmi ni kí n wá ìbéèrè fúnra mi, mo wo inú ara mi, mi ò rí ìbéèrè kankan. Mi ò tíì sọ èyí fún ẹnikẹ́ni rí. Oorun kì í fi bẹ́ẹ̀ kùn mí mọ́.

Oníláàbù

Àbúrò mi Ọdún Kìíní, o ṣeun tó o sọ ọ́. Ọ̀rọ̀ oorun yẹn ni kó o kọ́kọ́ mójú tó kí ó tó kan ọ̀rọ̀ kíkúrò tàbí dídúró. Lọ rí dókítà tàbí olùgbani-nímọ̀ràn tó wà ní ilé ẹ̀kọ́ yín lọ́sẹ̀ yìí, tí èrò pé ayé ti sú ọ bá sì ti ń wá, lónìí ni kó o lọ, kí ẹni tó o fọkàn tán sì tẹ̀ lé ọ. Ara tí kò sùn kì í gba ìmọ̀ràn rere. Lẹ́yìn ìyẹn, wá àwọn tó ti ṣiṣẹ́ lábẹ́ súpáfáísọ̀ rẹ rí, kó o bi wọ́n léèrè ibi tí wọ́n wà báyìí àti bí wọ́n ṣe kúrò. Ní ti ìbéèrè tí o kò rí, mi ò rò pé kò sí níbẹ̀. Ìyìn ló ti ń sọ̀rọ̀ sókè jù ú lọ láti kékeré. Fún un láyè, ka ohun tí kò sí lára iṣẹ́ rẹ, kó o wo ibi tí ojú rẹ kò ti kúrò.

Akẹ́kọ̀ọ́ Tẹ́lẹ̀rí, ìbéèrè rẹ dá mi dúró. Ká ní ímeèlì náà kò wọlé, ìnira mi ì bá pọ̀ ju báyìí lọ, mi ò ní purọ́. Ṣùgbọ́n kó tó wọlé ni mo ti gbé iṣẹ́ náà síta, alẹ́ ọjọ́ tí mo gbé e síta ni mo sì kọ́kọ́ sùn dáadáa. Àwọn jọ́nà kan tilẹ̀ wà báyìí tó ń gba iṣẹ́ kí wọ́n tó mọ bó ṣe máa jáde, tó jẹ́ pé ìbéèrè rẹ àti ọ̀nà tó o fẹ́ gbà ni wọ́n ń yẹ̀ wò. Jọ́nà Cortex ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ní 2013. Ọ̀nà yẹn ni mo fẹ́ gba iṣẹ́ mi tó kàn kọjá. Súpáfáísọ̀ mi ti ní òun máa kà á.

Obìnrin Inú Àkọsílẹ̀, má ṣe yọ ọ́ o.

Àwọn tó kúrò tí wọ́n tún padà sí i, tiyín ni mi ò tíì gbọ́. Kí ló dá yín padà?